Àmín Tí Mo Ṣe Nídìí Géèmù

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má wulẹ̀ bi mí léèrè orúkọ. Ọkùnrin ni mí, mo ti níyàwó, mo ti bímọ. Ọ́fíìsì kan ní yunifásítì ni mo ti ń ṣiṣẹ́ níbí ní Ilé-Ifẹ̀, Mayfair ni mo sì ń gbé. Ohun tí mo fẹ́ sọ yìí, ìyàwó mi gan-an ò mọ̀ ọ́n. Ǹ bá má sọ ọ́ títí láé, kí n má parọ́ fún yín. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ Sátidé tó ń bọ̀ yìí, àbúrò mi fẹ́ kó ìyá wa kúrò ní Ifẹ̀ lọ sí Ìbàdàn nítorí ẹ̀ṣẹ̀ tí ìyá wa ò ṣẹ̀. Èmi ni mo ṣẹ̀ ẹ́.

Ìyá mi ń gbé ní Òkè-Ògbó, nínú ilé tí bàbá mi kọ́ kí wọ́n tó kú. Aránṣọ ni ìyá mi. Wọ́n ti lé ní àádọ́rin ọdún, síbẹ̀ àwọn ló ṣì ń rán aṣọ àwọn akọrin ìjọ wọn. Àwa méjì péré ni wọ́n bí, èmi àti Bọ́sẹ̀. Bọ́sẹ̀ wà nílé ọkọ ní Ìbàdàn, èmi ni mo wà nítòsí.

Láti Mayfair dé Òkè-Ògbó, ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ Ifẹ̀, ẹ mọ̀ pé kì í ṣe ìrìn àjò. Takisí ń lọ, ọ̀kadà ń lọ. Àmọ́ lónìí mo lè ní iṣẹ́ ti pọ̀ jù, lọ́la mo lè ní òjò ń bọ̀. Nígbà tó yá, mo ra fóònù tó ń ṣe fídíò fún wọn, mo kọ́ wọn bí wọ́n á ṣe máa pè mí. Inú wọn dùn gan-an ni. Wọ́n ní ojú lọ̀rọ̀ wà, pé ohùn lásán ò tẹ́ àwọn lọ́rùn. Láti ìgbà náà, gbogbo ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Sunday ni wọ́n máa ń pè mí láti gbàdúrà fún mi, èmi á sì gbé wọn sójú kọ̀ǹpútà alágbèéká mi. Mo sọ fún wọn pé torí ojú rẹ̀ tóbi ni.

Àdúrà ìyá mi kì í ṣe àdúrà kékeré. Wọ́n á kọ́kọ́ dúpẹ́ dúpẹ́, wọ́n á gbàdúrà fún ọba, fún gómìnà, fún pásítọ̀, kí wọ́n tó kan Bọ́sẹ̀ àti ọkọ rẹ̀, kó tó wá kan èmi àti àwọn ọmọ mi lọ́kọ̀ọ̀kan. Nínú ilé tiwa, tí ìyá mi bá gbàdúrà tí o ò ṣe Àmín, wọ́n á dánu dúró. Wọ́n á ní, "Ṣé o ò fẹ́ ni?" Wọn ò ní tẹ̀ síwájú àfi tí wọ́n bá gbọ́ Àmín náà. Bí a ṣe dàgbà nìyẹn.

Èmi náà ní ohun tí mo fẹ́ràn. Géèmù bọ́ọ̀lù kan wà lórí kọ̀ǹpútà mi, ó ti pẹ́ gan-an, àwọn ọ̀dọ́ òde òní á máa fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Ìrọ̀lẹ́ Sunday ni mo máa ń ráyè gbá a. Géèmù náà ní wàhálà kan. Bí ẹ bá ti ṣí i, gbogbo ojú kọ̀ǹpútà ló máa gbà. Ẹ ò ní rí nǹkan mìíràn mọ́. Tí ẹ bá sì fẹ́ yọjú síta díẹ̀, ojú kọ̀ǹpútà á dúdú, ẹ̀rọ á le gbagidi. Nítorí náà, nígbà tí ìyá mi bá pè, mo gbọ́dọ̀ pa géèmù kí n tó gbé ìpè. Mo máa ń kùn, àmọ́ mo máa ń pa á. Mo wá mọ̀ báyìí pé wàhálà géèmù yẹn ló ń jẹ́ kí n jẹ́ ọmọ gidi.

Mo wá ojútùú lọ sórí íńtánẹ́ẹ̀tì. Wọ́n ní kí n tẹ àmì géèmù náà pẹ̀lú bọ́tìnnì ọ̀tún, kí n wá ibi tí wọ́n kọ ọ̀nà rẹ̀ sí, kí n kọ ọ̀rọ̀ kan sí ìparí ìlà náà, pé ó máa wá ṣí nínú fèrèsé kékeré dípò kó gba gbogbo ojú ẹ̀rọ. Mo ṣe é, kò ṣiṣẹ́. Mo tún un wò, àṣé mi ò fi àlàfo sílẹ̀ kí n tó kọ ọ̀rọ̀ náà. Nígbà tí mo fi àlàfo sí i, pápá bọ́ọ̀lù mi jáde wẹ́ẹ́rẹ́, ó jókòó sí igun kan jẹ́jẹ́. Inú mi dùn débi pé mo pe ìyàwó mi kó wá wò ó. Ó wò ó, ó ní, "Ẹ kú iṣẹ́ o," ó padà sí ìdí ọbẹ̀ rẹ̀.

Bó ṣe di pé ìyá mi wà lápá òsì, bọ́ọ̀lù wà lápá ọ̀tún nìyẹn. Mo fi awò ojú mi sójú, mo pa ohùn géèmù. Ìyá mi ń gbàdúrà, èmi ń gbá bọ́ọ̀lù. Ẹnu mi ò sì fi Àmín sílẹ̀, torí mo ti mọ ibi tí ohùn wọn máa ń wálẹ̀ tí wọ́n á fi mí sílẹ̀ kí n dáhùn. Ẹ̀yin tí ìyá yín máa ń gbàdúrà, ẹ mọ ohun tí mò ń sọ. Kò gba pé kí èèyàn gbọ́ ọ̀rọ̀ náà rárá.

Ẹ jọ̀ọ́, mi ò sọ pé géèmù burú o. Ẹ má gbé e gba ibẹ̀ yẹn.

Lọ́jọ́ Sunday kan nígbà ọyẹ́ tó kọjá, wọ́n ti jẹ mí ní góòlù kan, eré sì ti fẹ́ parí. Mò ń wá góòlù tí n ó fi dá a padà. Ìyá mi ti kúrò lórí ọkọ Bọ́sẹ̀, wọ́n ti kan èmi. Ni wọ́n bá dá àdúrà dúró. Wọ́n ní, "Àkànní, ojú ọ̀tún mi yìí ń ṣe mí bákan. Ó dà bíi pé wọ́n ta aṣọ dúdú sí i lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ṣé kí n lọ sí ọsibítù ni, àbí kí n ṣì ní sùúrù?"

Ohùn wọn wálẹ̀ níbẹ̀, wọ́n sì dúró.

Mo ní, "Àmín, Mọ́mì. Àmín lórúkọ Jésù."

Wọ́n ní, "Ó dáa náà. Ọlọ́run á ṣe é." Wọ́n kí mi pé ó dàbọ̀.

Mo gbọ́ ọ̀rọ̀ náà o, mi ò ní parọ́. Etí mi gbọ́ ọ, kò kàn wọlé ni. Ìgbà tí eré parí ló tó wọlé, tí mo wá ń sọ fún ara mi pé, "Kí ni Mọ́mì sọ nípa ojú?" Mo mú fóònù kí n pè wọ́n padà. Mo tún gbé e sílẹ̀. Kí ni mo fẹ́ sọ? Tí mo bá ní kí wọ́n tún un sọ, wọ́n á bi mí pé níbo ni mo wà nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ sọ ọ́. Ojú tì mí. Mo ní tó bá dọ̀la, n ó yà lọ́dọ̀ wọn. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, iṣẹ́ ọ́fíìsì dé.

Ní Sunday tó tẹ̀ lé e, mo fi etí kan wò ó bóyá wọ́n á tún mẹ́nu kàn án. Wọn ò mẹ́nu kàn án. Mo ní á jẹ́ pé ó ti lọ nìyẹn, mo sì tẹra mọ́ bọ́ọ̀lù mi. Bẹ́ẹ̀ mo mọ ìyá mi! Ìyá mi kì í sọ ohun kan lẹ́ẹ̀mejì. Bí wọ́n bá sọ fún ẹ tí o ò kà á sí, ó parí. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀ láti kékeré, mo sì ṣe bí ẹni tí kò mọ̀.

Ìyá Súlè tí wọ́n jọ ń gbé inú ilé ló pè mí ní ọ́fíìsì lọ́sàn-án ọjọ́ kan. Ó ní, "Bàbá Tóbi, ẹ máa bọ̀ kíákíá. Mọ́mì da omi gbígbóná sọ́wọ́ ara wọn. Wọ́n láwọn ò rí ife."

A gbé wọn dé ọsibítù. Dókítà tó tọ́jú ojú wọn ní nǹkan kan ló ti ṣí kúrò nídìí ẹyinjú látẹ̀yìn. Ó ní ká ní a tètè gbé wọn wá nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ rí bí aṣọ yẹn ni, àwọn ì bá rí i dá padà. Ó ti pẹ́ jù. Ojú ọ̀tún ìyá mi ti lọ nìyẹn. Ojú òsì la ń ṣọ́ báyìí.

Bọ́sẹ̀ dé láti Ìbàdàn pẹ̀lú ẹkún. Kò tíì jókòó tó fi ní, "Mọ́mì, ta lẹ sọ fún? Ó ti ń ṣe yín láti ọjọ́ yìí, ta lẹ sọ fún?"

Ìyá mi ní, "Mi ò sọ fún ẹnì kankan. Mo rò pé á lọ fúnra rẹ̀ ni."

Mo dúró síbi ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀dì, kúlà oúnjẹ wà lọ́wọ́ mi. Ẹ̀yin èèyàn mi, ibẹ̀ ló yẹ kí n ti la ẹnu mi. Mo sì là á. Ohun tó jáde níbẹ̀ ni pé, "Mọ́mì náà ṣáà! Tí nǹkan bá ń ṣe yín, ẹ ò ní sọ. Ẹ ẹ́ kàn máa gbé e mọ́ra ni."

Bọ́sẹ̀ ní, "Bùọ̀dá mi, ẹ bá mi sọ fún wọn!"

Ìyá mi yí orí sọ́dọ̀ mi. Wọ́n fi báńdéèjì bo ojú kan, wọ́n fi ìkejì wò mí. Wọ́n ní, "Ẹ má bínú, ẹ̀yin ọmọ mi."

Ìyẹn gan-an lẹ̀ṣẹ̀ tí mò ń jẹ́wọ́. Ti géèmù, àṣìṣe ni. Ti ọsibítù yẹn, mo mọ̀ ọ́n mọ̀ ṣe é ni, ìyá mi sì bẹ̀ mí lórí rẹ̀. Mo ti yọ géèmù náà kúrò nínú kọ̀ǹpútà. Ẹ má yìn mí, kò dá ojú padà.

Láti ọjọ́ náà ni Bọ́sẹ̀ ti ń sọ pé ẹni tó ń fi àìsàn pamọ́ ò lè dá gbé. Ó ti kun yàrá sílẹ̀ fún wọn ní Ìbàdàn. Ìyá mi ò fẹ́ lọ. Kì í ṣe pé ilé Bọ́sẹ̀ ò dáa. Ifẹ̀ ni wọ́n bí wọn sí, ìjọ wọn wà níbí, ẹ̀rọ ìránṣọ wọn wà lójú fèrèsé tó ti mọ́ wọn lára. Wọ́n bi Bọ́sẹ̀ pé, "Ta ni n ó máa bá sọ Ifẹ̀ níbẹ̀?" Èmi gẹ́gẹ́ bí àkọ́bí, mo gbìyànjú pé kó fi wọ́n sílẹ̀. Bọ́sẹ̀ ní, "Bùọ̀dá mi, ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà nítòsí wọn, ṣé ẹ mọ̀ pé ojú ń dùn wọ́n?"

Lánàá, mo lọ bá wọn di ẹrù. Wọ́n ń fi ọwọ́ wá ibi etí aṣọ kí wọ́n tó ká a. Ọkàn mi ò gbà á mọ́, mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja. Mo ní, "Mọ́mì, èmi lẹ sọ fún. Ọjọ́ tẹ́ ẹ sọ fún mi, mò ń gbá géèmù ni."

Wọ́n ní, "Dìde, mi ò tíì gbálẹ̀." Wọ́n ká aṣọ kan sí i. Wọ́n wá ní, "Mo mọ̀. Mo máa ń rí i nínú awò ojú rẹ. Ilẹ̀ tútù bíi ewéko, àwọn èèyàn kéékèèké ń sáré lórí rẹ̀. Gbogbo ọjọ́ Sunday ni."

Mo bi wọ́n pé kí ló dé tí wọn ò fi bá mi wí.

Wọ́n ní, "O ti ṣiṣẹ́ láti Monday. Mo ní jẹ́ kó ṣeré díẹ̀. Ṣebí mo ṣáà ń rí ẹ. Ti ojú yìí, mo ní tó bá jẹ́ nǹkan tó le ni, Àkànní á ti pè mí padà."

Mo sunkún, mi ò tijú láti sọ ọ́. Mo ní n ó pe Bọ́sẹ̀ lójú ẹsẹ̀, n ó sọ gbogbo rẹ̀. Ìyá mi gba fóònù lọ́wọ́ mi. Wọ́n ní, "O ò gbọdọ̀ sọ ọ́. O mọ àbúrò rẹ, kì í gbàgbé ọ̀rọ̀. Bí mo bá lọ tán, ẹ̀yin méjì lẹ kù fún ara yín. Jẹ́ kí n máa bá a lọ sí Ìbàdàn. Ojú kan tó fún Ìbàdàn."

Ibi tí ọ̀rọ̀ dé nìyí. Tí mo bá sọ ọ́, mo tàpá sí àṣẹ ìyá mi, mo sì lè pàdánù àbúrò kan ṣoṣo tí mo ní. Tí mi ò bá sọ ọ́, wọ́n á gbé ìyá mi kúrò nílé wọn lọ́jọ́ ogbó, wọ́n á sì máa pè wọ́n ní ẹni tí kì í sọ̀rọ̀, nígbà tó jẹ́ pé wọ́n sọ̀rọ̀, èmi ni mi ò gbọ́.

Ẹ̀yin àgbà, ẹ̀yin ìyá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí nímọ̀ràn kí Sátidé tó dé. Ẹ bú mi tó bá wù yín, mo tọ́ sí i. Ṣùgbọ́n mo fi Ọlọ́run bẹ̀ yín, ẹni tó bá fẹ́ dá mi lóhùn, kó má wulẹ̀ gbàdúrà fún mi. Kó sọ ohun tí n ó ṣe.