Sònátà Xaver Tí Mo Bọ́ Láṣọ

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jókòó, ẹ má wò mí bí ẹni wo òkú. Dókítà ní ó ti rẹ ọkàn mi. Ó ní kí n má mu kọfí mọ́, kí n má gun àtẹ̀gùn mọ́, kí n má sì bínú mọ́. Mo ní, "Dókítà, kí ló wá kù?" Ó ní, "Àdúrà." Àdúrà yẹn gan-an ló kó mi sí wàhálà tí ẹ fẹ́ gbọ́ yìí. Gbogbo ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ mi tí ẹ ń pè mí ní Ọ̀gá Prohaska, tí ẹ ń ṣí fìlà fún mi káàkiri Vienna nítorí sònátà kan ṣoṣo, olè lẹ ti ń bọ̀wọ̀ fún láti ọjọ́ yìí wá. Ó ti tó kí òótọ́ jáde. Ẹnu ara mi ni mo sì máa fi sọ ọ́, kí ẹlòmíràn má bàa fi iyọ̀ sí i.

Nígbà tí mo wà lọ́dọ̀ọ́, èmi àti Xaver Lindtner jọ ń gbé yàrá kan lókè ilé oníbúrẹ́dì kan ní àdúgbò Josefstadt. Píánò kan la ní, bàtà gidi kan la ní, ẹni tó bá ní akẹ́kọ̀ọ́ lọ́jọ́ náà ló ń wọ̀ ọ́. Ẹsẹ̀ Xaver tóbi ju tèmi lọ, nítorí náà mo máa ń ki ìwé orin mi tí kò dára bọ iwájú bàtà náà kó má bàa bọ́ lẹ́sẹ̀ mi. Xaver á ní, "Kajetan, orin ẹ ti wá wúlò báyìí!" Kò sí ìkà nínú ẹ̀ o. Bó ṣe máa ń bá gbogbo èèyàn ṣeré nìyẹn. Ohun tó ń dùn mí ni pé òótọ́ ló ń sọ. Orin tèmi mọ́ tónítóní, kò sí àṣìṣe nínú ẹ̀, kò sì sí ohun mìíràn nínú ẹ̀. Tirẹ̀ a máa mú omi bọ́ lójú ìyàwó oníbúrẹ́dì, obìnrin tó jẹ́ pé ìsìnkú ọkọ ẹ̀ àkọ́kọ́ pàápàá kò pa á lẹ́kún.

Ọlọ́lá Tarnegg wá ń wá olùkọ́ orin fún àwọn ọmọbìnrin rẹ̀. Iṣẹ́ náà ní yàrá tó móoru nínú, ó ní oúnjẹ ọ̀sán nínú, ó sì ní orúkọ nínú: ẹni tó bá ti kọ́ ọmọ Tarnegg, kò sí ilé ńlá tí kò ní ṣílẹ̀kùn fún un. Àwa méjèèjì ló kù nínú àwọn tó ń du ú. Ọlọ́lá ní kí kálukú kọ sònátà tuntun kan, orin píánò alápá mẹ́ta: kí èkíní yá, kí èkejì rọra, kí ẹ̀kẹta máa tọ pọ́n-ún. Ó wá ní, "Orin ni mo fẹ́ gbọ́, kì í ṣe ìka. Nítorí náà, kálukú yín ló máa tẹ orin ẹnì kejì ẹ̀."

Ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí, gbogbo nǹkan lẹ máa ń kọ sílẹ̀, díẹ̀ ló kù kí ẹ kọ ibi tí èèyàn ti máa mí. Láyé tiwa, apá tó rọra yẹn, egungun ẹ̀ nìkan la máa ń kọ. Ohùn gígùn kan níhìn-ín, òmíràn lọ́hùn-ún. Ẹni tó bá fẹ́ tẹ̀ ẹ́ ló máa fi ẹran bo egungun náà. Lẹ́ẹ̀kíní, á fi ọ̀ṣọ́ díẹ̀ sí i. Tó bá wá pa dà síbẹ̀rẹ̀ láti tún un tẹ̀, torí ó gbọ́dọ̀ tún un tẹ̀, ìgbà yẹn ló máa kó gbogbo aṣọ inú àpótí wọ̀ ọ́. Ìwà ọmọlúwàbí ni láàárín àwa olórin. A kì í kọ ọ́ síwèé, torí kò sẹ́ni tó rò pé èèyàn kan lè ya aláìnítìjú débi pé á gbé orin ẹlòmíràn jáde níhòòhò. Ó dáa, ẹ wò mí dáadáa. Èèyàn náà rèé.

Xaver ló kọ́kọ́ jókòó. Ó tẹ apá kìíní orin mi bó ṣe yẹ. Nígbà tó dé apá tó rọra, ó wojú mi, ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í wọ̀ ọ́ láṣọ. Yéè! Ibi tí mo kọ ohùn mẹ́rin gbẹrẹfu sí, ó fi ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ sọ ọ́ di ọ̀rọ̀ láàárín olólùfẹ́ méjì. Nígbà tó tún un tẹ̀, mi ò tiẹ̀ mọ̀ pé èmi ni mo kọ ọ́ mọ́. Ìyáàfin Kunigunde, àǹtí ọlọ́lá, tó ti darúgbó tí etí ẹ̀ sì ti di díẹ̀, ju abẹ̀bẹ̀ ẹ̀ sílẹ̀. Ó ní, "Ta ló kọ èyí?" Xaver dìde, ó nawọ́ sí mi. Ó ní, "Kajetan ni, ìyáàfin. Ọ̀rẹ́ mi ni." Ẹnu ẹ̀ ò tíì pa dé tí mo ti ń gbèrò ibi sí i.

Ó kàn mí. Mo tẹ apá kìíní dáadáa kí wọ́n má bàa fura, mo wá dé apá tó rọra. Ẹ̀yin ọmọ, orin yẹn! Mo rí gbogbo àyè tó fi sílẹ̀ fún mi, bí ìgbà tí èèyàn to àga sílẹ̀ de àlejò. Mi ò jókòó sí ọ̀kankan nínú wọn. Ohun tó wà níwèé nìkan ni mo tẹ̀, egungun gbígbẹ, gbì, ó tún di gbì. Mo pa dà síbẹ̀rẹ̀, mo tún un tẹ̀ bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́, mo tiẹ̀ tún fà á gùn sí i. Ọlọ́lá wúkọ́. Ọ̀kan nínú àwọn ọmọbìnrin náà bẹ̀rẹ̀ sí í fi bọ́tìnnì aṣọ ẹ̀ ṣeré. Ìyáàfin Kunigunde bá béèrè lóhùn tó gba gbogbo ilé pé, "Ṣé wọn ò tíì tún píánò yẹn ṣe tán ni?" Ilé pa ẹ̀rín. Xaver náà rẹ́rìn-ín, àmọ́ etí ẹ̀ ti pọ́n bí ẹ̀jẹ̀. Mo rí i. Mo sì ń tẹ̀ ẹ́ lọ. Kí a tó kúrò níbẹ̀, wọ́n ti fún mi níṣẹ́.

Ẹ rò pé ibi tó burú jù nìyẹn? Rárá o. Nígbà tí à ń lọ sílé, Xaver ra sọ́séèjì láti fi bá mi yọ̀. Bẹ́ẹ̀ ni, èmi ló ń bá yọ̀! A ń jẹ ẹ́ lọ lójú títì, ló bá dúró, ó ní, "Kajetan, má purọ́ fún mi. Kí ló dé tí o ò fi nǹkan kan sí i?" Mo lè sọ pé ìlara ni. Mo lè sọ pé ìka mi gan. Ohun tí mo sọ ni pé, "Mo gbìyànjú, ọ̀rẹ́ mi. Mo wá ibi tí mo máa fi ọ̀ṣọ́ sí, mi ò rí. Orin náà ò gbà á. Kò sí nǹkan nínú ẹ̀." Ó wojú mi títí, ó sì gbà mí gbọ́, torí pé mi ò purọ́ fún un rí. Lọ́jọ́ kejì ó fún oníbúrẹ́dì ní ìwé orin náà kó máa fi di búrẹ́dì. Kò kọ sònátà kankan mọ́ láti ọjọ́ náà. Èmi ní tèmi, mo jókòó nínú yàrá mi tó móoru, mo kọ gbogbo ọ̀ṣọ́ tí Xaver fi sí orin mi sílẹ̀ bí mo ṣe rántí ẹ̀, mo sì tẹ̀ ẹ́ jáde lórúkọ ara mi. Apá kejì tí ẹ fi ń sunkún yẹn, tí ẹ fi ń wá ìyàwó yẹn, ti Xaver ni.

Ní Ọ̀sẹ̀ Mímọ́ tó kọjá mo lọ jẹ́wọ́ fún Bàbá Emilian. Nígbà tí mo dé ibi ọ̀rọ̀ ìyáàfin Kunigunde, ó rẹ́rìn-ín débi pé àpótí ìjẹ́wọ́ ń mì. Lẹ́yìn náà ló ní, "Ọmọ mi, mi ò lè dárí èyí jì ọ́. Lọ sọ fún ẹni tí o ṣẹ̀." Mo ní, "Bàbá, Lerchenfeld tí Xaver ń gbé jìnnà, ọkàn mi ò sì lágbára." Ó ní, "Lerchenfeld ni mo rán ọ, kì í ṣe Rome." Mo délé, mo sọ fún Apollonia ìyàwó mi. Ó káwọ́ lérí. "Bàbá Nani! Ṣé torí ẹ̀ lo fi máa ń jáde síta tí wọ́n bá ti ń tẹ apá kejì yẹn? Mo rò pé ìrẹ̀lẹ̀ ni! Ìrẹ̀lẹ̀ yẹn ni mo rí tí mo fi fẹ́ ẹ!" Nígbà tó di ọjọ́ Àjíǹde, ó dé mi ní fìlà, ó fà mí lọ́wọ́, ó di Lerchenfeld.

Orin ijó ni Xaver ń tẹ̀ fún àwọn èèyàn ní ọgbà ọlọ́tí kan níbẹ̀ lọ́sàn-án ọjọ́ Àìkú. Ó dì mọ́ mi, ó ra bíà fún mi. Mo sọ gbogbo ẹ̀. Ó ní, "Tún un sọ." Mo tún un sọ. Ó gbé bíà mi, ó mu ún tán, ó gbé tirẹ̀ náà, ó mu ún tán. Ó ní, "Láti ọjọ́ yìí, mo rò pé etí mi ló ń tàn mí. Mo máa ń gbọ́ orin yẹn nínú orí mi, á sì dùn, màá wá bú ara mi ní òmùgọ̀." Mo bú sẹ́kún. Ó ní, "Ṣé o ṣì rántí ẹ̀?" Mo ní, "Gbogbo ẹ̀." Ó ní, "Irọ́ lo ń pa." Mo bá dìde, mo jókòó sídìí píánò ọlọ́tí náà, mo sì tẹ apá tó rọra yẹn pẹ̀lú gbogbo ọ̀ṣọ́ tí mo fi dù ú lọ́jọ́sí. Àwọn oníjó dúró. Nígbà tí mo parí ẹ̀ lẹ́ẹ̀kíní, tí ọwọ́ mi fẹ́ pa dà síbẹ̀rẹ̀, Xaver gbá mi léjìká. Ó ní, "Sún." Mo sún. Ó sì fọwọ́ ara ẹ̀ tún un tẹ̀.

Nígbà tó ṣe tán, mo kúnlẹ̀, mo ní kó dárí jì mí. Ó ní, "Ìdáríjì kẹ̀? Apá méjì ṣì kù. Lọ́jọ́ Àìkú tó ń bọ̀, mú ìwé àti gègé wá, ìwọ lo máa kọ ọ́ sílẹ̀ fún mi. Má sì dán an wò kí o kú kó tó dìgbà náà. Tí o bá kú, màá wá síbi ìsìnkú ẹ, màá tẹ sònátà ẹ níbẹ̀ níhòòhò, bí o ṣe kọ ọ́ gẹ́lẹ́."

Ọ̀la ni Àìkú náà. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, tí wọ́n bá gbé orin ẹlòmíràn síwájú yín, ẹ jọ̀ọ́, ẹ wọ̀ ọ́ láṣọ tó dáa jù tí ẹ ní. Ẹni tó bá sì mọ ọ̀nà Lerchenfeld nínú yín, kó bá mi ká lọ, kó bá mi bẹ Xaver.