Ìrèmọ̀jé tí Ọdẹ́dìran Sun fún Ajá Rẹ̀

Ní ayé àtijọ́, ẹ̀yin ọmọ mi, kí ibí yìí tó di agbo ilé, igbó ni. Ọdẹ́dìran, baba ńlá wa, ló tẹ̀ ẹ́ dó. Ọdẹ ni, ọdẹ paraku. Ẹ sún mọ́ mi, ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹ̀rín.

Bí ọdẹ bá kú, ìrèmọ̀jé, orin arò ọdẹ, ni a fi ń sìn ín dé ọ̀dọ̀ Ògún. Bí a kò bá sun ún, òkú ọdẹ kò ní rí ọ̀nà lọ, yóò máa rìn kiri igbó, kò ní jẹ́ kí alààyè rí ẹran pa. Bẹ́ẹ̀ èèwọ̀ ni kí ènìyàn sun ún lásán. Ẹni tó bá sun ún láìsí òkú nílẹ̀, ikú ló ń pè. Níbi ìsìnkú nìkan ni ọmọ ti ń kọ́ ọ.

Àwọn ẹgbẹ́ Ọdẹ́dìran kú tán, ó ku òun nìkan tó mọ̀ ọ́n látòkèdélẹ̀. Ni ikú bá gbàgbé ìlú. Inú gbogbo ayé ń dùn, ọkàn tirẹ̀ kò balẹ̀. Àwọn ọmọ rẹ̀ mọ ìbọn, wọn kò mọ ìrèmọ̀jé. Ó ń jẹun, ó ń rò ó. Ó ń dẹ pàkúté, ó ń rò ó: ta ni yóò sin òun? Ta ni yóò sin àwọn ọmọ náà?

Ìmàdò wá pa Tanímọ̀la, ajá rẹ̀. Ó gbé e kọ́ èjìká wálé, ó tẹ́ ẹ sórí ẹní, ó ránṣẹ́ sí gbogbo ọdẹ pé ọdẹ kan kú. Wọ́n sunkún dé, wọ́n bá ajá nílẹ̀. Àwọn kan pòṣé. Ẹ̀rù ba àwọn yòókù, ajá tí Ògún ń jẹ? Ọdẹ́níyì, àkọ́bí rẹ̀, dọ̀bálẹ̀ bẹ̀ ẹ́.

“Bàbá, ẹ má pe ikú wọlé.”

“Ta ló ń ṣíwájú mi wọgbó? Òkú ọdẹ ló wà nílẹ̀ yìí. Bí a kò bá rí àdán, a ó fi òòbẹ̀ ṣẹbọ. Bí Ògún bá bínú, kó bínú sí èmi. Ẹ gbè é.”

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í sun ún, wọ́n ń gbè é. Bí wọ́n bá ti ṣì í, á tún bẹ̀rẹ̀, títí òkú fi ń rùn, títí wọ́n fi mọ̀ ọ́n.

Gbogbo ẹ̀ẹ̀rùn náà, bí ọmọ bá wúkọ́, ìyá rẹ̀ á wo Ọdẹ́dìran lẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú. Ògún kò jà. Nígbà tí ikú padà dé, Ọdẹ́dìran fúnra rẹ̀ ló mú, àwọn ọmọ rẹ̀ sì sìn ín láìfo ẹsẹ kan.

Ìdí nìyẹn tí a kì í ju òkú ajá sígbó nílé yìí. Ìrèmọ̀jé là ń sun fún un, kí ọmọ lè kọ́ ọ. Ẹ̀yin kò tíì gbọ́ ọ rí, èmi nìkan ló sì kù tó mọ̀ ọ́n. Ajá kan ṣoṣo ló kù nílé wa, ara rẹ̀ sì le ju tèmi lọ. Ẹ bá mi bẹ Ògún kí ajá náà ṣáájú mi.