Orúkọ Tí Àlàájà Hàmdálátù Kò Pè

Èmi Adébùkọ́lá, ọmọ Tíṣà ní Ìkẹ́nnẹ́, ẹni tí ẹ ń pè ní Dókítà, tí ẹ ń mú ọmọ yín wá bá pé kí n kọ́ ọ ní ìmọ̀ ọpọlọ, mo fẹ́ kí ẹ jókòó kí ẹ gbọ́ ohun tí mo ṣe. Ó ti pẹ́ tó nínú mi. Wọ́n ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a. Èmi ti ń fi ọkàn balẹ̀ pé ogún ọdún tèmi kò tíì pé. Ọjọ́ Ajé tó kọjá ni òtítọ́ bá mi nínú ọ́fíìsì mi. Ó wọ híjáàbù aláwọ̀ ewé, ó sì kúnlẹ̀ kí mi.

Kàúsárà ni orúkọ ọmọ náà, akẹ́kọ̀ọ́ tuntun ní ẹ̀ka wa. Mo bi í pé kí ló dé tó fi yan ìmọ̀ ọpọlọ nígbà tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ń sáré lọ sídìí kọ̀ǹpútà. Ó ní, "Mà, nítorí ìyá bàbá mi ni. Ẹ̀ka yìí ló bá wa rí i pé àrùn ìgbàgbé ń ṣe wọ́n. Ẹ̀yin gan-an lẹ yẹ̀ wọ́n wò. Bí kì í bá ṣe yín ni, à bá máa rò pé ọjọ́ ogbó lásán ni. Mo fẹ́ dà bíi yín." Mo béèrè orúkọ ìyá àgbà náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àyà mi ti sọ ọ́ fún mi. Ó ní Àlàájà Hàmdálátù, olóbì, ará Ijoku ní Ṣàgámù. Ọmọ yẹn wà lórí eékún, ó ń dúpẹ́ lọ́wọ́ mi nítorí ohun tí mo fi ba ayé ìyá àgbà rẹ̀ jẹ́, mo sì ní kó dìde, mo ní kò tọ́pẹ́.

Nígbà tí ọ̀rọ̀ náà ṣẹlẹ̀, mo ṣì ń kọ́ṣẹ́ lábẹ́ Ọ̀jọ̀gbọ́n Bánkọ́lé, ọ̀gá àwọn tó ń ṣèwádìí ọpọlọ ní yunifásítì kan náà tí mo ṣì wà dòní nílẹ̀ Rẹ́mọ, tí n kò ní dárúkọ. Ohun tí à ń wádìí ni bí ọpọlọ àgbàlagbà ṣe ń dá ojú ènìyàn mọ̀. A ní fìlà kan tí wáyà kún ara rẹ̀. A ó fi ìpara tútù sí awọ orí, a ó dé fìlà náà fún ẹni tí à ń yẹ̀ wò, kọ̀ǹpútà yóò sì máa fa ìlà bí ọpọlọ bá ṣe ń ṣiṣẹ́. A ó wá máa fi fọ́tò hàn án, ti ẹbí rẹ̀ àti ti àwọn tí kò rí rí. Bí ó bá rí ojú tó mọ̀, ìlà náà á fò sókè kí ẹnu tó sọ̀rọ̀. Ẹnu náà gbọ́dọ̀ sọ̀rọ̀ ṣá, nítorí a ní láti gbọ́ orúkọ. Òfin ìdánwò náà ni pé orúkọ àbísọ nìkan la lè gbà. Ìlú òyìnbó ni wọ́n ti ṣe òfin yẹn, bó ṣe dé sọ́dọ̀ wa náà la ṣe lò ó.

Ẹnì kan ṣoṣo ló kù kí iye àwọn alárùn ìgbàgbé tí mò ń wá tó pé. Ọ̀jọ̀gbọ́n ti sọ ọ́ létí mi pé bí kò bá pé kí sáà náà tó parí, òun yóò gbé iṣẹ́ náà fún ẹlòmíràn. Àìsùn dé, àìjẹun dé. Àwọn àgbàlagbà tí mò ń rí ní mọ́ṣáláṣí àti ṣọ́ọ̀ṣì, ọpọlọ wọn pé bí ọjọ́ tí wọ́n rà á, ó sì ń bí mi nínú. Ẹ wo irú ènìyàn tí mo ti dà, tí ìlera àgbà ń bí nínú.

Àlàájà wá pẹ̀lú Alhaji Ìdírísù, àbúrò ọkọ rẹ̀ olóògbé. Ó ti gbàgbé ẹ̀wà sórí iná, ìyẹn ló dẹ́rù ba ẹbí. Bí ẹ̀wà jíjóná bá jẹ́ àrùn, èmi ni ì bá kọ́kọ́ dé ọsibítù. Nígbà tí Alhaji jáde tán, ó tú híjáàbù rẹ̀, ó sì gbé orí funfun sí mi lọ́wọ́. Bí ìpara náà ṣe kan awọ orí rẹ̀, ó rẹ́rìn-ín. "Ọwọ́ rẹ mà tutù o, ọmọ mi. Ọlọ́wọ́-tútù ni n ó máa pè ọ́." Kò tilẹ̀ béèrè orúkọ mi.

Fọ́tò Ìdírísù ló kọ́kọ́ yọ. "Akọ̀wé," ni ó wí. Mo ní, "Ẹ jọ̀ọ́ mà, orúkọ wọn gan-an." Ó ní, "Akọ̀wé ni mo wí." Ti ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀ obìnrin yọ, ó ní, "Eyínafẹ́." Ti olórí ẹbí yọ, Bàbá Yúnúsà. Ó tẹ orí ba díẹ̀ bí ẹni pé bàbá náà jókòó síwájú rẹ̀. "Bàbá Rere nìyẹn." Mo tún béèrè orúkọ. Ó yíjú wò mí bí ẹni tó ń wo ọmọ tí wọn kò kọ́ nílé. "Èmi? Ìyàwó ilé?"

Ẹ̀yin ìyàwó ilé, ẹ ti mọ̀ ọ́n. Ìyàwó kì í dárúkọ àwọn tó bá nílé ọkọ, ìbáà jẹ́ ọmọ ọwọ́ tí wọ́n bí kí ó tó wọlé. Ó ní láti wá orúkọ míì fún wọn. Ìdírísù ń fi ṣọ́ọ̀kì kọ nǹkan sára ògiri nígbà tí Àlàájà wọlé ọkọ, ló ṣe di Akọ̀wé títí tó fi hu ewú. Ta ló sì yẹ kó mọ èyí jù mí lọ? Ìsarà ni èmi náà gbé lọ́kọ. Adúmáadán ni mò ń pe àbúrò ọkọ mi, Ìbàdíàrán ni mò ń pe èyí obìnrin, bí wọ́n bá sì fi ọ̀bẹ sí mi lọ́rùn, n kò ní pe orúkọ bàbá ọkọ mi. Mo mọ̀. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni gbà mí sílẹ̀ pé àìmọ̀ ni. Bí Àlàájà ṣe ń dáhùn ni mò ń fún un ní òdo, òdo lórí òdo. Kọ̀ǹpútà tó wà níwájú mi sì ń jẹ́rìí sí i. Gbogbo ojú ẹbí ló ń mú ìlà náà fò, ojú àjèjì kan kò mú un fò. Orí obìnrin yẹn pé.

Nígbà tí wọ́n lọ tán, mo jókòó ti kọ̀ǹpútà náà. Mo lè sọ pé èṣù ló tì mí, ṣùgbọ́n èmi nìkan ló wà nínú yàrá yẹn. Mo sọ pé ó mi orí jù, pé ohun tí fìlà gbà sílẹ̀ ti bàjẹ́, mo sì pa gbogbo rẹ̀ rẹ́. Òdo ẹnu nìkan ni mo fi sílẹ̀. Nínú àbájáde tí mo kọ ní Gẹ̀ẹ́sì, mo ní ó ń fún àwọn ẹbí tó sún mọ́ ọn jù lọ ní orúkọ tí kì í ṣe tiwọn. Ọ̀jọ̀gbọ́n kà á, ó mi orí. "Ó mà ṣe o. Ó ti jìnnà." Lẹ́yìn náà ó rẹ́rìn-ín sí mi. "O kú iṣẹ́, Búkọ́lá. Àwọn ènìyàn rẹ ti pé." Inú mi dùn. Mo kọrin dé ilé lọ́jọ́ náà, ìtìjú rẹ̀ ń pa mí bí mo ṣe ń sọ ọ́ yìí.

Mo rò pé inú ìwé wa ni ọ̀rọ̀ náà máa kú sí. Àṣé ẹbí ti gba àbájáde náà lọ́wọ́ Ọ̀jọ̀gbọ́n, wọ́n ti gbé e lọ sí ọsibítù, wọ́n ti fún Àlàájà ní òògùn tó ń mú un sùn bí ọmọ tuntun. Wọ́n gba kọ́kọ́rọ́ ìsọ̀ obì rẹ̀. Kò sí ọ̀tá kankan níbẹ̀, àwọn tó fẹ́ràn rẹ̀ ló ṣe é. Ó máa ń lọ jókòó síwájú ìsọ̀ tí wọ́n tì, àwọn tó ti ń ra obì lọ́wọ́ rẹ̀ láti ìgbà èwe wọn yóò wá máa kí i bí ẹni ń kí aláìsàn. Ní ọjọ́ kan ó gun ọ̀kadà lọ sí Akaka láti lọ wo obì tuntun, gẹ́gẹ́ bí ó ti máa ń ṣe. Wọ́n wá a kiri Ṣàgámù, wọ́n ní ó ti sọnù. Ìyẹn ni wọ́n fi pe ìpàdé ẹbí ní Ijoku, wọ́n sì ní kí èmi, tí wọ́n ti ń pè ní Dókítà, wá là á yé wọn.

Kí ìpàdé tó bẹ̀rẹ̀, Àlàájà fà mí lọ sẹ́yìnkùlé. Òògùn ti mú ojú rẹ̀ wú. Ó ní, "Ọlọ́wọ́-tútù, jọ̀ọ́, kí ni mo ṣì? Sọ fún mi kí n lè tún un ṣe." Àánú rẹ̀ ṣe mí, mo sì rò pé mo rí ọ̀nà tí n kò fi ní jẹ́wọ́. Mo rẹ ohùn sílẹ̀. "Mà, ẹ ò pe orúkọ wọn ni." Ó ní, "Ìyẹn náà ni?" Mo ní ìyẹn náà ni. Ó ní, "Ìwọ náà kì í ṣe ìyàwó ilé ni?" Mo kàn ní bí ó bá lè pè wọ́n bẹ́ẹ̀ níwájú wọn, gbogbo rẹ̀ yóò tán. Ó tún gèlè rẹ̀ wé dáadáa, ó sì wọlé.

Ó kúnlẹ̀ sáàárín pálọ̀. Ó ní kí wọ́n foríjì òun. Lẹ́yìn náà ó gbójú sókè sí olórí ẹbí, ó ní, "Yúnúsà." Ó yíjú sí ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀, ó ní, "Sàbítíyù." Ó yíjú sí ẹni tó pọ̀n dàgbà, ó ní, "Ìdírísù." Ó ń pè wọ́n lọ bẹ́ẹ̀ títí dé orí ẹni tó jókòó sẹ́nu ọ̀nà, kò ṣi ẹyọ kan. Lẹ́yìn náà ó wò mí, bí ọmọ tó ka ìwé rẹ̀ tán tó ń retí kí tíṣà ní ó káre.

Obìnrin kan káwọ́ lérí. Bàbá Yúnúsà, arúgbó, bo ojú rẹ̀, Ìdírísù sì bú sẹ́kún. "Ìyàwó wa ti lọ. Hàmdálátù kò lè pe orúkọ Bàbá láyé, bí orí rẹ̀ bá pé." Àlàájà wo ọ̀tún, ó wo òsì, kò yé e. Ó ní, "Wọ́n ní kí n pè yín ni. Òun ló ní kí n pè yín." Gbogbo wọn kọjú sí mi. Ìdírísù nu ojú rẹ̀, ó béèrè pé, "Dókítà, ṣé bí àìsàn náà ṣe máa ń ṣe nìyí?"

Mo ní, "Bẹ́ẹ̀ ni, sà."

Ẹ̀ṣẹ̀ mi gan-an nìyẹn. Ohun tí mo pa rẹ́ nínú kọ̀ǹpútà burú, ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ kò sí níbẹ̀ nígbà tí mo ṣe é. Èyí, ó wà lórí eékún níwájú mi, ó ti fi ìtìjú gbogbo ayé rẹ̀ ra òmìnira, èmi tí mo ní kó rà á ni mo jà á gbà lọ́wọ́ rẹ̀. Wọ́n gbé e lọ sí ilé oko ọkọ rẹ̀ ní Akaka lọ́sẹ̀ náà, wọ́n fi ẹni tí yóò máa ṣọ́ ọ tì í. Èmi gboyè.

Lẹ́yìn tí Kàúsárà kúrò lọ́fíìsì mi, n kò lè jẹun. Lọ́jọ́ kejì mo ní kó mú mi lọ sí Akaka. Lọ́nà, ó ń sọ fún mi bí àrùn náà ṣe ń le sí i, pé láti ìgbà ìpàdé yẹn ìyá àgbà kì í pe orúkọ ẹnikẹ́ni mọ́, kì í pe orúkọ ìnagijẹ pàápàá, pé ó dákẹ́ bí òkúta. A bá a lábẹ́ àtíbàbà, ó ń ṣa obì, ó ń ya èyí tí kòkòrò jẹ sọ́tọ̀. Ọwọ́ rẹ̀ kò ṣì. Mo dọ̀bálẹ̀ sórí ilẹ̀ bí ọkùnrin, n kò mọ̀ pé mo ṣe bẹ́ẹ̀. Ó gbójú sókè wò mí. Kàúsárà ní, "Ẹ má bínú, mà, wọn ò lè dá yín mọ̀."

Àlàájà ní, "Ọlọ́wọ́-tútù. Ṣé o ti sọ fún wọn?"

Kàúsárà di ọwọ́ mú òpó àtíbàbà. Mo ní, "Rárá, mà. N kò tíì sọ." Ó mi orí. Ó ní, "Èmi sọ títí ó fi sú mi. Wọ́n ní àìsàn ló ń sọ̀rọ̀. Lọ sọ fún wọn." Ó sì padà sídìí obì rẹ̀. Ìṣojú Kàúsárà, ẹni tó fẹ́ dà bí èmi, ni gbogbo rẹ̀ ti ṣẹlẹ̀. Láti ọjọ́ náà kò bá mi sọ̀rọ̀ mọ́, n kò sì dá a lẹ́bi.

Mo ti sọ fún yunifásítì. Bí wọ́n bá gba oyè náà, kí wọ́n gbà á. Ẹ̀yin ọmọ tí ẹ ń kọ́ṣẹ́ lọ́wọ́ mi, ẹni tó bá gbé orí rẹ̀ lé yín lọ́wọ́ ti fọkàn tán yín, ẹ má fi ohun tí ẹ mọ̀ nípa rẹ̀ pamọ́ nítorí ohun tí ẹ fẹ́ gbà. Ẹ̀yin ará ilé Ijoku, Bàbá Yúnúsà, Alhaji Ìdírísù, mo bẹ̀ yín, n kò ní ẹnu tí mo fi ń bẹ̀ yín, ṣùgbọ́n mo bẹ̀ yín. Orí ìyàwó yín pé, ó sì pé lọ́jọ́ tó pè yín lórúkọ. Ẹ lọ mú un wálé. Ẹ fún un ní kọ́kọ́rọ́ ìsọ̀ rẹ̀. Bí ẹ bá dé Akaka, ẹ má ní kó dárúkọ ẹnikẹ́ni fún yín. Alhaji, ẹ kàn jókòó tì í, kí ẹ ní Akọ̀wé ló dé.