Ta Ló Sọ Fún Un Pé Akólòlò Ni Mí?

[Olórin ráàpù ló pe ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, aránṣọ. Ariwo máṣíìnì.]

Ẹ̀GBỌ́N: Hẹ́lò! Ahọ́n-Idà! Ṣé dáadáa ni?

AHỌ́N-IDÀ: Dáadáa ni. Ẹ kú iṣẹ́, Àǹtí. Ẹ dá máṣíìnì yẹn dúró ná.

Ẹ̀GBỌ́N: [Máṣíìnì dákẹ́.] Ó ti dúró. Ṣé o ti jẹun?

AHỌ́N-IDÀ: Ta ló wá wọn aṣọ lọ́dọ̀ yín lọ́sẹ̀ tó kọjá?

Ẹ̀GBỌ́N: Èèyàn pọ̀. Ṣé ọlọ́pàá ni ẹ́ ni?

AHỌ́N-IDÀ: Onírun pupa yẹn ńkọ́, tá a jọ ń bú ara wa nínú orin?

Ẹ̀GBỌ́N: Tó bá jẹ́— ṣé o gbọ́ mi? Fóònù ń gé.

AHỌ́N-IDÀ: Ẹ má fi fóònù ṣe bojúbojú! Ó gbé diss jáde láàárọ̀ yìí, orin tó fi bú mi. Ó ní akólòlò ni mí. Pé ní kékeré, mi ò lè pe orúkọ ara mi tán.

Ẹ̀GBỌ́N: Ṣé irọ́ ló pa?

AHỌ́N-IDÀ: Àǹtí! Bí ikú ilé ò bá pani—

Ẹ̀GBỌ́N: Ikú ilé kẹ̀? Ó lè jẹ́ tíṣà ẹ àtijọ́—

AHỌ́N-IDÀ: Tíṣà ò mọ̀ pé ìró máṣíìnì yín ni mo fi kọ́ ọ̀rọ̀ sísọ! Bẹ́ ẹ ṣe ń tẹ̀ ẹ́, tẹ́ ẹ ní kí n máa sọ̀rọ̀ tẹ̀lé e. Ó wà nínú orin ẹ̀, word for word! ... Ṣé ẹ gbọ́ mi?

Ẹ̀GBỌ́N: Mo gbọ́.

AHỌ́N-IDÀ: Kí ló fún yín?

Ẹ̀GBỌ́N: Kò fún mi ní nǹkan kan. Mo ń wọn èjìká ẹ̀, orin ẹ ń dún lórí rédíò. Èyí tó o ti ní títì ló tọ́ ẹ, pé kò sẹ́ni tó gbà ẹ́ sílé.

AHỌ́N-IDÀ: Ráàpù nìyẹn! Àwọn tí kò ní olùrànlọ́wọ́ ló dá a sílẹ̀. Ta ló fẹ́ gbọ́ tọmọ tí wọ́n tọ́ dáadáa? Image ni, Àǹtí!

Ẹ̀GBỌ́N: Ṣé èmi wá ni títì?

AHỌ́N-IDÀ: Àǹtí—

Ẹ̀GBỌ́N: Ó ní, "Ṣé ẹ mọ olórin yìí ni?" Mo ní èmi ni mo tọ́ ọ. Mo sọ gbogbo ẹ̀. Inú mi dùn bí mo ṣe ń sọ ọ́.

AHỌ́N-IDÀ: Ẹ mọ̀ pé ọ̀tá mi ni?

Ẹ̀GBỌ́N: Mo mọ̀.

[Ariwo lórí fóònù.]

AHỌ́N-IDÀ: Àǹtí, ẹ— ẹ j—

Ẹ̀GBỌ́N: Ṣé o gbọ́ mi? Ṣé fóònù ló ń gé, àbí ìwọ ni?

AHỌ́N-IDÀ: Ẹ j— ẹ j—

Ẹ̀GBỌ́N: Rọra. Má kánjú. Èmi nìkan ló ń gbọ́ ẹ.

[Fóònù já.]