Orúkọ Bàbá Ọkọ Mi Nínú Kàtúùnù Àwọn Ará Jàpáàn

Nígbà tí eyín ẹnu mi ṣì pé, tí mo ṣì lè fi ẹsẹ̀ rìn láti Òkèrèwè nílé Ifẹ̀ yìí dé Mayfair láì jókòó sinmi, ohùn mi ni àwọn ọmọdé máa ń sáré wọlé wá gbọ́ ní ìrọ̀lẹ́ Sátidé. Ẹ má rẹ́rìn-ín. Ìyá Mosún, má fi ojú sọ̀rọ̀ sí mi, mo rí ẹ. Mosún, ṣé fóònù yẹn ti ń gba ohùn sílẹ̀? Ó dáa. Gbé e sún mọ́ mi.

Inú ń bí mi. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ìyẹn. Inú ti ń bí mi láti àárọ̀. Mosún, ọmọ ọmọ mi, ló jókòó síbí yìí. Àwọn kan pè é láti Èkó, wọ́n ní kó wá máa fi ohùn rẹ̀ ṣe ọmọkùnrin kan nínú kàtúùnù àwọn ará Jàpáàn, èyí tí wọ́n fẹ́ yí sí Yorùbá. Iṣẹ́ tó ti ń wù ú láti kékeré! Lọ́la ni wọ́n fẹ́ gbọ́ èsì. Ìyá rẹ̀ wá ní kó má lọ. Kí ló dé? Ó ní bàbá Kúnlé ò ní fẹ́. Kúnlé ni àfẹ́sọ́nà Mosún, Mayfair ni bàbá rẹ̀ ń gbé. Ó ní bàbá yẹn ò ní fẹ́ kí ìyàwó ọmọ òun máa han gooro bí ọmọkùnrin lórí tẹlifíṣọ̀n.

Ẹ gbọ́ o. Ẹnikẹ́ni ò tíì bi bàbá Kúnlé. Ẹnikẹ́ni!

Ọ̀rọ̀ yẹn gan-an ni wọ́n fi gba iṣẹ́ lọ́wọ́ mi.

Ìyàwó tuntun ni mí nínú ilé yìí nígbà náà. Bàbá Mosún, ọmọ mi, ṣì ń rákò. Ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kan wà ní Ìbàdàn, mi ò ní dárúkọ wọn, wọ́n ra fíìmù kan, àwòrán tí wọ́n fi ọwọ́ yà, tó ń rìn, tó ń sọ̀rọ̀. Àwọn ará Jàpáàn ló ṣe é. Ọmọkùnrin kan wà nínú ẹ̀, irun rẹ̀ dúró ṣánṣán, ojú rẹ̀ tóbi bí àwo ọbẹ̀. Wọ́n fún un lórúkọ Yorùbá, wọ́n ní Kọ́lá. Wọ́n kọ́kọ́ fi ọmọkùnrin gidi ṣe ohùn rẹ̀, kò pẹ́ tí ohùn ọmọ yẹn fi yí padà, ó ń dún bí ìlẹ̀kùn tí wọn ò fi epo sí. Wọ́n tún fi àgbàlagbà ọkùnrin ṣe é, ìyẹn ń ké bí òbúkọ. Ọ̀rẹ́ mi kan tó ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀ wá rántí mi, torí nílé ìwé, kò sí tíṣà tí mi ò sín jẹ. Mo débẹ̀, mo la ẹnu, ọ̀gá tó ń darí iṣẹ́ náà dìde dúró. Ó ní, “Kọ́lá nìyí.” Bí mo ṣe di Kọ́lá nìyẹn.

Ṣé ẹ rò pé eré ni? Yàrá tútù ni, wọ́n lẹ fóòmù mọ́ gbogbo ara ògiri. Máìkì wà níwájú mi, tẹlifíṣọ̀n wà níwájú máìkì. Bí ọmọ yẹn bá la ẹnu, tèmi gbọ́dọ̀ là. Bó bá pa á dé, mo gbọ́dọ̀ ti sọ̀rọ̀ tán. Ọmọ Jàpáàn yìí á wọlé, á la ẹnu lẹ́ẹ̀mejì péré, ó ti kí ìyá rẹ̀ tán! Báwo lẹ ṣe fẹ́ kí ìyá yín láàárín ìyẹn? Tó bá sì rí àgbàlagbà, á kàn tẹ ìbàdí díẹ̀ ni, kò ní dọ̀bálẹ̀. Àwọn òbí lọ bá ilé iṣẹ́ náà jà, wọ́n ní ọmọ tí kò lẹ́kọ̀ọ́ ni wọ́n ń gbé wá bá àwọn ọmọ àwọn. Ọ̀gá ní kí n wá nǹkan ṣe sí i. Mo wá dúró di ìgbà tí ọmọ yẹn kẹ̀yìn sí wa, tí ẹnìkan ò rí ẹnu rẹ̀, mo ní, “Mo dọ̀bálẹ̀ o, sà, ẹ̀yìn ló ń dùn mí.” Ẹ̀yìn ń dun ọmọ yẹn títí fíìmù fi parí. Kò sẹ́ni tó tún bá wa jà.

Mo fẹ́ràn iṣẹ́ yẹn. Mo fẹ́ràn ẹ̀ ju bí mo ṣe lè sọ fún yín lọ.

Kọ́lá wá ní ọ̀rẹ́ kan, ọmọ apẹja, ó sanra, ọ̀lẹ ni, kì í yó. Ẹni tó ń túmọ̀ ọ̀rọ̀ fún wa, tí kò mọ mí, tí kò mọ ilé ọkọ mi, fún ọmọ yẹn lórúkọ. Ó sọ ọ́ ní Adédèjì. Adédèjì sì ni orúkọ bàbá ọkọ mi. Bẹ́ẹ̀ ni, Adédèjì. Mo pè é. Ṣé ilé wó?

Ẹ̀yin ọmọ òde òní ò mọ bí ó ṣe wúwo tó. Nígbà yẹn, ìyàwó ilé kì í pe orúkọ ẹnikẹ́ni tí wọ́n ti bí sílé ọkọ rẹ̀ kó tó wọlé. Ọmọ ọwọ́ tí wọ́n bí lánàá, tí o wọlé lónìí, ọkọ ẹ ni! O máa wá orúkọ tìẹ fún un: Akọ̀wé, Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́, Eyínfúnjowó. Ẹ wá wo bàbá ọkọ fúnra rẹ̀. Èmi wá ń han lórí tẹlifíṣọ̀n, ní ọ̀sẹ̀ dé ọ̀sẹ̀: “Adédèjì, ọ̀lẹ! Adédèjì, o tún ti jẹ ẹja mi!”

Ìyálé mi ló gbé ọ̀rọ̀ náà. Ìyàwó ẹ̀gbọ́n ọkọ mi. Ó ti kú, Ọlọ́run forí jì í, èmi ò tíì forí jì í. Ó fà mí lọ sẹ́yìn ilé ìdáná. Ó ní, “Ṣé ojú ẹ ti là tó bẹ́ẹ̀? O ń pe Bàbá ní ọ̀lẹ?”

Mo ní, “Ẹ̀gbọ́n, kì í ṣe Bàbá ni mo ń pè. Ọmọ inú fíìmù ni.”

“Orúkọ ta ni? Bàbá ń bínú o. Wọn ò kàn fẹ́ sọ ni.”

“Ṣé Bàbá ló rán yín sí mi?”

“Ṣé dandan ni kí wọ́n rán mi kí ojú tó tì ẹ́?”

Mo lọ bá ọkọ mi. Ọkọ mi, èèyàn jẹ́jẹ́. Ó ní, “Ìwọ náà mọ̀ pé Bàbá ò ní fẹ́.” Mo ní, “Ṣé ẹ ti bi wọ́n?” Ó wò mí bíi pé orí mi ti dàrú. Ó ní, “Ta ló ń bi bàbá ẹni nírú ẹ̀?” Mo ní ó dáa, èmi á lọ bi wọ́n. Ìyálé mi dúró sẹ́nu ọ̀nà. Ó ní ìyàwó tí wọ́n gbé wọlé lánàá ò lè dá tọ Bàbá lọ, òun ló máa bá mi wọlé lọ sọ ọ́. Ó wọlé. Ó jáde. Ó ní, “Wọn ò fẹ́.”

Kí ni mo fẹ́ ṣe? Mo yí orúkọ yẹn padà. Mo bẹ ọ̀gá, mo ní kí Kọ́lá máa pe ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní Eyínfúnjowó. Ó gùn díẹ̀, mo máa ń sáré pè é kí ẹnu ọmọ yẹn tó pa dé. Àwọn ọmọdé sì gbà á! Ládùúgbò yìí, títí dé iwájú ààfin, ọmọ tó bá ti sanra, Eyínfúnjowó ni. Mo rò pé ọ̀rọ̀ ti tán.

Fíìmù wá fẹ́ parí. Lọ́jọ́ ìkẹyìn, ìgbì gbé ọkọ̀ ọmọ apẹja yẹn lọ. Kọ́lá ń sáré létí òkun, ó ń ké pè é. Ọ̀gá ní, “Lónìí, orúkọ rẹ̀ gan-an ni. Ẹni tí omi gbé lọ, a kì í fi orúkọ yẹ̀yẹ́ pè é. Àwọn èèyàn á rẹ́rìn-ín, gbogbo ohun tí a ti ṣe bàjẹ́ nìyẹn.” Òótọ́ ló sọ. Mo mọ̀ pé òótọ́ ni. Mo ní kó jẹ́ kí n délé ná.

Mo délé. Ìyálé mi ò jẹ́ kí n sọ ọ́ tán. “O fẹ́ ké orúkọ Bàbá bí ẹni tó kú sódò? Bàbá ní bí o bá dán an wò, kó o má padà sílé yìí.”

Mo padà sí Ìbàdàn. Mo dúró níwájú máìkì. Ọmọ yẹn ń sáré, ẹnu rẹ̀ là gbàgà... mi ò pè é. Ọ̀gá dá fíìmù padà. Ẹnu rẹ̀ tún là... mi ò pè é. Ọ̀gá ní kí n jáde. Wọ́n pe obìnrin mìíràn wọlé, ó ké orúkọ yẹn bí ẹni ń polówó ọjà, wọ́n gbà á bẹ́ẹ̀. Bí iṣẹ́ mi ṣe parí nìyẹn. Fíìmù mìíràn dé lẹ́yìn ìgbà náà, ọmọkùnrin mìíràn dé, wọn ò ránṣẹ́ pè mí mọ́.

Ẹ dúró o, mi ò tíì débi tó ń bí mi nínú.

Sátidé dé. Gbogbo ilé kó sí pálọ̀. Bàbá wà lórí àga rẹ̀. Ojú rẹ̀ ti ń ṣú nígbà náà, etí ló fi ń wo tẹlifíṣọ̀n. Obìnrin yẹn ké orúkọ, àwọn ọmọ ń sunkún. Bàbá ní, “Ìyàwó, ta nìyẹn? Ìyẹn kọ́ ni ohùn ọmọ yẹn. Ta lo gbé ohùn ẹ fún?”

Mo kúnlẹ̀. Mo ní, “Bàbá, ẹ ní ẹ ò fẹ́.”

“Mi ò fẹ́ kí ni?”

“Pé kí n máa pe orúkọ yín.”

Bàbá ní, “Ta ni mo sọ bẹ́ẹ̀ fún?” Ojú gbogbo wa yí sí ìyálé mi. Ẹ fẹ́ mọ ohun tó sọ? Ó ní, “Bàbá, mo wo ojú yín ni mo fi mọ̀. Nígbà tí mo wọlé wá kí yín, ẹ fajú ro.”

“Ojú tó ń ro mí! Ojú tí mi ò fi ríran!” Bàbá ń lu apá àga. “Bí mo ṣe ń gbọ́ orúkọ mi nínú fíìmù yẹn, mo rò pé ìyàwó mi ló fi dá mi lọ́lá. Mo ti sọ fún gbogbo ẹgbẹ́ mi ní mọ́ṣáláṣí. Nígbà tó yí i padà, mo rò pé mo ṣẹ̀ ẹ́ ni.”

Mo ṣẹ̀ ẹ́ ni. Bàbá ọkọ mi! Ó ń rò pé òun ṣẹ ìyàwó ọmọ òun, kò bi mí. Èmi ń rò pé ó ń bínú sí mi, wọn ò jẹ́ kí n bi í. Ó ní kí n pè é níbẹ̀, lójú gbogbo wọn. Mo sì pè é! Mo fi ohùn Kọ́lá pè é, “Adédèjì ooo!”, àwọn ará ìta sáré wọlé, Bàbá rẹ́rìn-ín títí omi fi jáde lójú rẹ̀. Kò kú. Ó tún gbé ayé pẹ́ lẹ́yìn ẹ̀, ó rí ìgbéyàwó àwọn ọmọ ọmọ. Ṣùgbọ́n ṣé ìyẹn dá iṣẹ́ mi padà?

Ní Mọ́ńdè, ó wọ agbádá, ó ní ká lọ. Mo fà á lọ́wọ́ wọ mọ́tò dé Ìbàdàn. Ó dúró níwájú ọ̀gá, ó ní, “Èmi ni Adédèjì. Mo fọwọ́ sí i.” Ọ̀gá náà kí i dáadáa. Ó ní, “Bàbá, ẹ pẹ́. A ti gba ẹlòmíràn.” A wọ mọ́tò padà sí Ifẹ̀. Ìgbà tí a sọ̀kalẹ̀ ni Bàbá ní, “Torí tèmi ni wọ́n sì ní àwọn ń ṣe é.”

Mosún fi nǹkan hàn mí lórí fóònù níjọ́sí. Ìyá àgbà kan ní Jàpáàn, irun rẹ̀ funfun báláú, ó dàgbà jù mí lọ. Láti ìgbà èwe rẹ̀ ló ti ń ṣe ohùn ọmọkùnrin kan náà. Kan náà! Ó la ẹnu, ọmọ kékeré jáde níbẹ̀, àwọn èèyàn dìde, wọ́n ń pàtẹ́wọ́. Mo sunkún. Mosún ní, “Màmá, kí ló dé?” Mo ní ojú ló ń ta mí. Irọ́ ni. Ìlara ni. Ta ló gba máìkì lọ́wọ́ ìyẹn nítorí ojú bàbá ọkọ rẹ̀?

Ẹ tún wá wo ayé òde òní. Ìyàwó ń pe ọkọ rẹ̀ lórúkọ, ó ń pè é láti ojúlé dé òpópónà, kò sẹ́ni tó ń sọ pé kò dáa. Ó ń pe bàbá ọkọ ní “Daddy”, ó ń fi ẹsẹ̀ lé ẹsẹ̀ níwájú rẹ̀. Ẹ ti kó gbogbo ọ̀wọ̀ yẹn dànù. Ẹ dẹ̀ wá kó ìdínà ibẹ̀ pamọ́! “Wọn ò ní fẹ́.” Ìyẹn lẹ rí tọ́jú nínú gbogbo ohun tí a fi sílẹ̀.

Ìyá Mosún, má bínú sí mi, mo mọ̀ pé o fẹ́ràn ọmọ ẹ. Ìyálé mi náà fẹ́ràn mi, òun ló wẹ ọmọ mi fún mi. Ṣùgbọ́n dá mi lóhùn. O ní bàbá Kúnlé ò ní fẹ́. Báwo lo ṣe mọ̀? ... Ẹ gbọ́ o, ó ní òun kàn mọ̀ ni.

Mosún, dìde. Gbé ìborùn mi wá, pe takisí, ọ̀kadà ò gbé egungun mi mọ́. Mayfair ni à ń lọ. Mo mọ̀ pé a kì í ṣàdédé ya ilé àna. Kí wọ́n bú mi, àgbà ni mí, mo ti gba ìyẹn. Bí bàbá Kúnlé bá ní òun fẹ́, ó dáa. Bí ó bá ní òun ò fẹ́, kó fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́ sí ọ lójú, kí o lè mọ ẹni tí ò ń bá jà. Gbogbo wọn ti kú tán nílé yìí, títí dòní, èmi ò mọ ẹni tí mo bá jà.

Ìyá Mosún, bọ́ sí ìta, kó o bá wa lọ. Ìwọ lo máa bi í.