Orin Ọmọ Tó Kú Ni Wọ́n Fi Ń Yin Ọkọ Mi

Ẹ bá mi gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí, mi ò rí ẹni tí mo lè sọ ọ́ fún mọ́. Lọ́jọ́ Ìsinmi tó kọjá, ọkọ mi bọ́ síwájú ìjọ wa ní Woolwich, nílùú òyìnbó níbí, láti jẹ́rìí. Ó ní Ẹ̀mí Mímọ́ ló kọ orin kan sí òun létí lójú oorun, orin náà ló sì sọ òun di ẹni tí àwọn onífíìmù ń wá kiri báyìí. Ìjọ ń pàtẹ́wọ́. Èmi sorí kọ́ nínú sùtánà funfun mi, omi ń dà lójú mi, ìyá kan tó jókòó tì mí sì ń fọwọ́ pa mí lẹ́yìn, ó rò pé ẹkún ayọ̀ ni. Ayọ̀ kẹ̀? Mo mọ ẹni tó ni orin náà. Inú pálọ̀ mi ló ti kọ ọ́.

Iṣẹ́ ọkọ mi ni kó máa ṣe orin tí ẹ ń gbọ́ nínú fíìmù nígbà tí ẹnikẹ́ni ò bá sọ̀rọ̀. Fún ọdún púpọ̀, orin ìpolówó ọjà nìkan ló ń rí ṣe. Nígbà tó yá, wọ́n gbé fíìmù ńlá kan fún un, ìtàn obìnrin kan ní ilẹ̀ Uzbekistan, wọ́n sì ní orin ìbílẹ̀ ibẹ̀ ni àwọn fẹ́. Ó gbọ́ orin wọn títí lórí fóònù, ó ń ṣe irú rẹ̀, kò bọ́ sí i. Kò jẹun dáadáa mọ́, kò bá Tèmi ọmọ wa ṣeré mọ́. Èmi tí mo ń wá ire rẹ̀ ni mo sọ fún un pé ọmọ ibẹ̀ ni Gulnora, ọ̀rẹ́ mi.

Èmi àti Gulnora jọ ń tọ́jú àwọn arúgbó ní Thamesmead ni. Nígbà tí ìyá mi kú ní Ìjẹ̀bú, tí ọ̀rọ̀ ìwé ìgbélùú ò jẹ́ kí n lè lọ sin ín, òun ló wá jókòó tì mí nílé wa ní Moorings, tó se ìrẹsì oníkárọ́ọ̀tì ilẹ̀ wọn, tó sì fipá mú mi jẹun.

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í wá lọ́sàn-án Sátidé pẹ̀lú dutor rẹ̀, ohun èlò orin ọlọ́rùn gígùn tó ní okùn méjì. Ó ń kọ́ ọkọ mi ní orin ìgbéyàwó àti orin tí wọ́n ń kọ lóko òwú, ó sì gbà kó gba ìwọ̀nyí sílẹ̀ sórí fóònù. Lọ́jọ́ kan ó gbé dutor sílẹ̀. Ó ní orin kan wà tí àwọn ìyá fi ń rẹ ọmọ sùn nílùú òun, pé òun kọ ọ́ fún ọmọbìnrin òun títí tí ẹ̀mí fi bọ́ lára ọmọ náà lọ́wọ́ òun. Nítorí ìyá mi ló ṣe fẹ́ kọ ọ́ fún mi. Ó wo ọkọ mi, ó ní, "Eléyìí kì í ṣe ti fíìmù. Jọ̀ọ́, pa fóònù yẹn." Ọkọ mi ní òun ti pa á, ó dojú fóònù náà délẹ̀ lórí tábìlì. Ta ni kì í gba ọkọ rẹ̀ gbọ́? Gulnora kọrin náà jẹ́jẹ́, àwa méjèèjì sì sunkún.

Nígbà tí fíìmù jáde, èmi fúnra mi ni mo mú Gulnora lọ sí sinimá, inú mi ń dùn. A wò ó dé ibi tí àwọn sójà kan ti mutí yó, tí wọ́n ń fipá mú obìnrin jó. Ibẹ̀ ni mo ti gbọ́ ọ. Ohùn Gulnora gan-an ni, wọ́n kàn fi ìlù sí i lábẹ́. Àwọn kan lẹ́yìn wa ń rẹ́rìn-ín. Ó yọ ọwọ́ rẹ̀ nínú tèmi, ó jáde. Mo sáré bá a ní Powis Street. Kò pariwo. Ó bi mí pé, "Ṣé o mọ̀?" Mo búra pé mi ò mọ̀. Ó ní, "Ilé rẹ ni mo ti kọ ọ́." Ó ti fi ibi iṣẹ́ wa sílẹ̀ báyìí. Lọ́jọ́ tí mo rí i ní Beresford Square, ó wò mí bí ẹni tí kò rí mi rí, ó wọ bọ́ọ̀sì rẹ̀ lọ.

Ẹ wá gbọ́ èsì ọkọ mi: "Orin traditional ni, babe. Kò sẹ́ni tó ni ín." Mo ní ohùn yẹn ńkọ́? Ọmọ tó kú ńkọ́? Ó ní mi ò mọ bí iṣẹ́ òun ṣe ń lọ. Mo ní kó lọ bẹ̀ ẹ́, ó ní bí òun bá bẹ̀bẹ̀, òun ti jẹ́wọ́ nìyẹn. Nígbà tí àwọn ará ìjọ wá ń bi í pé níbo ló ti rí orin náà, ó fi Ẹ̀mí Mímọ́ dáhùn. Mo tọ Wòlíì wa lọ, mo tú gbogbo rẹ̀ fún un. Ó mí kanlẹ̀, ó ní, "Mummy Tèmi, ẹ bo ọkọ yín láṣìírí."

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka ọ̀rọ̀ mi, kí ni kí n ṣe? Bí mo bá dìde sọ òtítọ́, ó ti ní òun yóò kó jáde. Bí mo bá dákẹ́, mo ń bá a purọ́ mọ́ Ọlọ́run. Ẹgbẹ́ akọrin ti fi ọ̀rọ̀ ìyìn Yorùbá sí orin náà fún ọjọ́ Ìkórè, Tèmi ń kọ ọ́ nínú balùwẹ̀. Lánàá ni olórí akọrin pè mí, ó ní níwọ̀n bí mo ti jẹ́ ìyàwó ẹni tí Ọlọ́run fún lórin, èmi ni kí n lé e, kí ìjọ máa gbè é. Ẹnu wo ni kí n fi kọ ọ́?