Bí Mo Ṣe Sọ Ojú Ẹ̀gbọ́n Òpó Di Èéfín

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń yìn mí torí bàbá tí mo ṣe nínú fíìmù, ẹ jókòó, ẹ gbọ́ bí mo ṣe dé ibẹ̀. Irọ́ tí mo ti fi ṣeré láyé mi pọ̀ débi pé bí wọ́n bá dà á sódò, ẹja á sá gun igi. Ṣùgbọ́n eléyìí kì í ṣe irọ́, mo sì fẹ́ sọ ọ́ nígbà tí ẹni tí mo ṣẹ̀ ṣì ń gbọ́ràn.

Mi ò kàwé jìnnà. Iṣẹ́ kámẹ́rà ni mo kọ́, mo sì ń fi eré ṣíṣe kún un: lónìí olè, lọ́la aṣọ́nà. Ẹ̀gbọ́n Òpó, àgbà òṣèré, ló kọ́ mi bí èèyàn ṣe ń sunkún láì fi àlùbọ́sà ra ojú. Òpó là ń pè wọ́n, torí bí wọ́n bá dúró níwájú kámẹ́rà, eṣinṣin lè bímọ sí wọn nímú, wọn ò ní mira. Àwọn ni bàbá nínú fíìmù ńlá tí à ń yà nígbà yẹn, èmi ni mo di kámẹ́rà mú. Ojoojúmọ́ ni mò ń wo ipò yẹn láti ojú kámẹ́rà, tí ọ̀fun mi ń dá tòlótòló. Mo ti mọ gbogbo ọ̀rọ̀ wọn sórí.

Lọ́jọ́ tí bàbá inú eré máa sunkún ọmọ rẹ̀ tó kú, mo yí ojú kámẹ́rà díẹ̀, bí ẹni fẹ́ ṣí ìgò. Ojú Ẹ̀gbọ́n di bàìbàì, ògiri ẹ̀yìn wọn ló mọ́ kedere. Nígbà tí olùdarí wò ó, ó ní, "Kí ló dé tí ojú wọn dà bí èéfín?"

Mo ní, "Ọ̀gá, ara wọn ló ń gbọ̀n. Àgbà ti dé."

"Èmi ò rí i pé wọ́n gbọ̀n."

"Ojú èèyàn kọ́ ló ń rí i. Kámẹ́rà ló ń rí i."

Ẹ wo ẹnu burúkú. A tún un yà, mo tún yí i. Olùdarí sọ fún wọn pé bóyá kí wọ́n fi ipò náà sílẹ̀.

Ibẹ̀ kọ́ ló burú sí jù. Ẹ̀gbọ́n wá bá mi nínú yàrá tí a ti ń pààrọ̀ aṣọ. "Àbúrò, ìwọ lò ń wò mí ní tòsí jù. Olùdarí lè tàn mí, aya mi lè tàn mí. Ṣé lóòótọ́ ni mò ń gbọ̀n?"

Ọ̀rọ̀ kan péré ni ì bá tún gbogbo rẹ̀ ṣe. Mo ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ ń gbọ̀n. Ẹ lọ sinmi."

Wọ́n dúpẹ́ lọ́wọ́ mi. Wọ́n bọ́ kóòtù bàbá náà, wọ́n fi wọ̀ mí, wọ́n ní, "Má jẹ́ kí eré náà bàjẹ́." Kóòtù ọ̀hún bá mi mu bí ẹni pé wọ́n bí i mọ́ mi. Òun ló sọ mí di ẹni tí ọmọdé ń sáré tẹ̀ lé ní títì.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, mo lọ kí wọn. Ìyàwó wọn gbé omi wá, Ẹ̀gbọ́n sì fi ọwọ́ méjèèjì di ife mú bí ẹni gbé ẹyin. Omi inú ife náà ò mì rárá. Nígbà tí ìyàwó wọn ń sìn mí jáde, ó ní, "Wọn kì í jẹun níwájú èèyàn mọ́. Wọ́n ní ọwọ́ àwọn ń gbọ̀n, àwọn ò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni rí i." Láti ẹnu ọ̀nà wọn, ọ̀dọ̀ olùdarí ni mo gbà lọ tààrà.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tẹ́ ẹ ń di kámẹ́rà mú, ẹni tó dúró níwájú yín ò rí ara rẹ̀. Ohun tẹ́ ẹ bá sọ fún un ló máa gbé lọ sílé. Ẹ̀gbọ́n, ẹ dákun, ẹ foríjì mí bó bá ṣeé ṣe. Ara yín ò gbọ̀n lọ́jọ́ náà, kò sì gbọ̀n lónìí. Mo ti jẹ́wọ́ fún olùdarí. Ó ní ipò bàbá àgbà kan wà nílẹ̀ tó ń dúró dè yín. Ẹ wá. Ẹlòmíràn ló máa di kámẹ́rà mú.